Ère tó ń ṣọ́ igbó: ta ló kọ́ igbó Ọ̀ṣun, kí ló sì dé tí wọ́n fi kọ́ ọ?

1/
Ẹni tó bá ní gúgúrú kó gbé e sún mọ́ra, torí ìtàn tòní gùn díẹ̀. Igbó Ọ̀ṣun ní Òṣogbo ni mo fẹ́ sọ. Kì í ṣe ti Arugbá o, kì í sì í ṣe ti ọdún Ọ̀ṣun tí gbogbo yín máa ń lọ ya fídíò níbẹ̀ lóṣù kẹjọ. Ti àwọn ère inú igbó náà ni. Ẹ mọ̀ wọ́n: àwọn ère ràgàjì tẹ́ ẹ máa ń dúró níwájú wọn, tẹ́ ẹ máa ń fi ìka méjì ṣe àmì àlàáfíà, tẹ́ ẹ̀ ń ya fọ́tò.

2/
Ìdí tí mo fi ń kọ ọ́ rèé. Gbogbo ìgbà tí ẹnì kan bá gbé fọ́tò igbó yìí sórí íntánẹ́ẹ̀tì, ìjà kan náà ló máa ń bẹ́ sílẹ̀ lábẹ́ ẹ̀. Apá kan á ní, "Obìnrin òyìnbó kan ló ṣe gbogbo ẹ̀." Apá kejì á ní, "Irọ́ ńlá! Òyìnbó wo? Àwọn baba wa ti ń bọ Ọ̀ṣun kí wọ́n tó bí ìyá ìyá ẹ̀." Ni èébú á bá bẹ̀rẹ̀. Mo ti kà á títí ó fi sú mi.

3/
Lójú tèmi, apá méjèèjì ló gba díẹ̀. Apá méjèèjì náà ló sì fo ìbéèrè tó ṣe pàtàkì jù: kí ni wọ́n tiẹ̀ ń fi àwọn ère yẹn ṣe? Torí wọn ò mọ wọ́n láti fi ṣe ẹ̀ṣọ́ lásán. Ọgbà ni wọ́n fi wọ́n ṣe. Ọgbà tó ń dáàbò bo ilẹ̀. Ẹ má lọ, màá ṣàlàyé.

4/
Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ níbi tí ìlú ti bẹ̀rẹ̀. Ìtàn Òṣogbo sọ pé Làróòyè àti Tìmẹ́hìn ọdẹ kó àwọn èèyàn wọn kúrò ní Ìpólé nítorí àìrómi. Wọ́n dé etí odò Ọ̀ṣun, wọ́n ní ibí dáa. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í gé igi kí wọ́n lè ráyè tẹ̀dó. Igi kan bá wó lu odò. Ni ohùn kan bá ké jáde látinú omi pé wọ́n ti fọ́ ìkòkò aró òun. Ọ̀ṣun fúnra ẹ̀ ló ń sọ̀rọ̀.

5/
Ẹ kíyè sí i: ẹjọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ rò mọ́ ará Òṣogbo lẹ́sẹ̀, ẹjọ́ igi gígé ni! Ibẹ̀ ni àdéhùn ìlú àti òrìṣà ti bẹ̀rẹ̀. Ìlú á máa bọ ọ́, òun náà á máa dáàbò bo ìlú. Nígbà tó yá, ìlú kúrò létí odò, wọ́n lọ tẹ̀dó síbi tí Òṣogbo wà lónìí, ṣùgbọ́n wọn ò pa igbó tì. Ààfin àtijọ́ méjì ṣì wà nínú ẹ̀. A kì í dọdẹ níbẹ̀, a kì í pẹja níbẹ̀, a kì í sì í gégi níbẹ̀. Èèwọ̀ ni.

6/
Ẹ di ọ̀rọ̀ "èèwọ̀" yẹn mú, torí òun ni gbogbo ìtàn yìí dá lé. Nígbà yẹn, igbó náà ò ní ògiri, kò ní géètì, kò ní ọlọ́dẹ tó ń gba owó oṣù. Èèwọ̀ nìkan ni ọgbà ẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ gé igi níbẹ̀, ọkàn ẹ̀ ló máa kọ́kọ́ dá a dúró. Tí ọkàn ẹ̀ ò bá dá a dúró, àwọn àwòrò àti àwọn àgbà ìlú á dá a dúró. Ọgbà tí ojú ò rí ni. Ó sì ṣiṣẹ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún.

7/
Kì í ṣe Òṣogbo nìkan o. Láyé àtijọ́, ìlú Yorùbá tí ò ní irú igbó bẹ́ẹ̀ ò wọ́pọ̀. Ẹ lọ bi àwọn àgbà ilé yín léèrè. Wọ́n á sọ fún yín pé, "Ibi tí ilé ìwé yẹn wà, igbó òrìṣà ni tẹ́lẹ̀." "Ibi tí ilé epo yẹn wà, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ débẹ̀ nígbà tí mo wà lọ́mọdé." Ọ̀pọ̀ ẹ̀ ti lọ. Ti Òṣogbo náà fẹ́rẹ̀ẹ́ lọ.

8/
Nígbà tó fi máa di àwọn ọdún 1950, nǹkan ti bàjẹ́ nínú igbó Ọ̀ṣun. Wọ́n ń gé igi ibẹ̀ kí wọ́n lè fi igi tíìkì rọ́pò ẹ̀. Ọdẹ ń wọlé pẹran, apẹja ń wọlé pẹja. Àwọn tó ń ra ilẹ̀ tà ti fojú sí i. Wọ́n ń jí àwọn ère igi tó wà lójúbọ kó lọ. Àwọn ojúbọ fúnra wọn, ikán ti ń jẹ wọ́n, òjò sì ń wó ògiri wọn.

9/
Kí ló fà á? Èèwọ̀ ò lágbára mọ́. Ẹ̀sìn tuntun ti wọ ilé gbogbo. Ìjọba tuntun ti dé, ó ní òfin tiẹ̀. Ẹni tí ò gba Ọ̀ṣun gbọ́ mọ́, kí ló fẹ́ máa bẹ̀rù nínú igbó Ọ̀ṣun? Igi lásán ló ń rí. Ilẹ̀ lásán ló ń rí. Owó ló ń rí! Ọgbà tí ojú ò rí ti wó, kò sì sẹ́ni tó gbọ́ ìró ẹ̀ nígbà tó ń wó.

10/
Àsìkò yẹn ni obìnrin kan wọ inú ìtàn yìí. Susanne Wenger lorúkọ ẹ̀. Ìlú Graz ní orílẹ̀-èdè Austria ni wọ́n ti bí i, lọ́jọ́ 4 oṣù keje ọdún 1915. Ó kọ́ iṣẹ́ ọnà ní Vienna. Ojú ẹ̀ ni ogun àgbáyé kejì ṣe kọjá. Lọ́dún 1950, òun àti ọkọ ẹ̀, Ulli Beier ọmọ Jámánì, gúnlẹ̀ sí Ìbàdàn, torí ọkọ ríṣẹ́ ní yunifásítì tó wà níbẹ̀.

11/
Kò pẹ́ tó dé ni ikọ́ àwúgbẹ, ìyẹn TB, dá a gúnlẹ̀. Àìsàn náà pẹ́ lára ẹ̀. Nígbà tó gbádùn, ní Ẹdẹ, ó pàdé Ajagẹmọ, olórí àwọn olórìṣà Ọbàtálá. Kò tíì gbọ́ Yorùbá dáadáa nígbà yẹn, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì wọ̀. Bó ṣe di ọmọ awo nìyẹn. Kò fi ṣeré o, ó ṣe é dójú àmì. Òun àti Beier pínyà nígbà tó yá. Ó fẹ́ onílù kan tó ń jẹ́ Àyánṣọlá, ó fìdí kalẹ̀ sí Òṣogbo, nínú ilé alájà kan lójú ọ̀nà Ìbòkun. Àdùnní làwọn èèyàn ń pè é. Àdùnní Olórìṣà.

12/
Ẹ wò ó, mo mọ̀ pé ẹlòmíì ti ń rojú níbí. "Ẹ̀n-ẹ́n, òyìnbó tó wá gba ẹ̀sìn wa là." Ẹ fara balẹ̀. Kò já wọ inú igbó lọ́jọ́ kan kó sọ pé òun fẹ́ ṣe ère síbẹ̀. Àwọn olórìṣà Ọ̀ṣun ló ké sí i. Ikán ti jẹ Ojúbọ Òṣogbo, ìyẹn ojúbọ àgbà tó wà létí odò, wọ́n ní kó bá àwọn tún un ṣe. Iṣẹ́ àtúnṣe ni iṣẹ́ àkọ́kọ́. Iṣẹ́ bíríkìlà.

13/
Bíríkìlà gan-an ló sì bá a ṣe é. Ibí ni mo ti máa ń bínú sí àwọn tó ń sọ pé "obìnrin òyìnbó kan ló ṣe gbogbo ẹ̀." Ẹ jẹ́ kí n dárúkọ àwọn èèyàn kan fún yín, kẹ́ ẹ sì mọ orúkọ wọn sórí bẹ́ ẹ ṣe mọ orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù: Adébísí Àkànjí. Bùráímọ̀ Gbàdàmọ́sí. Kàsálì Àkàngbé. Sàká Àrẹ̀mú. Àwọn míì náà wà, ṣùgbọ́n ẹ bẹ̀rẹ̀ látorí àwọn wọ̀nyí.

14/
Adébísí Àkànjí, bíríkìlà ni. Ẹ rántí àwọn ilé Àgùdà àtijọ́, ilé àwọn tó ti Brazil padà wálé àti àwọn tó wo ilé wọn kọ́ tiwọn. Wọ́n máa ń fi sìmẹ́ńtì mọ kìnnìún sójú ilé. Ulli Beier ṣètò ìdíje kan fún àwọn bíríkìlà pé kí wọ́n fi sìmẹ́ńtì mọ irú ẹranko bẹ́ẹ̀. Ibẹ̀ ni irawọ̀ Àkànjí ti yọ. Látibẹ̀, ó dẹni tó ń fi sìmẹ́ńtì hun ògiri bí ìgbà téèyàn ń hun agbọ̀n: ògiri tí atẹ́gùn ń gba inú ẹ̀ kọjá, tí èèyàn àti ẹranko kún ara ẹ̀.

15/
Gbàdàmọ́sí, òkúta ni tiẹ̀. Tẹ́ ẹ bá rí ère òkúta kúkúrú, olórí bàǹtù, olójú gbàǹgbà, tó jókòó sínú ewé bí ẹni ń wo iṣẹ́ yín, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ tiẹ̀. Kàsálì Àkàngbé, igi ló ń gbẹ́: òpó àti ère tẹ́ẹ́rẹ́ tó ga fíofío, ojú wọn gùn. Ẹ tún wo orúkọ wọn o: Bùráímọ̀, Kàsálì, Sàká. Orúkọ Mùsùlùmí ni. Orúkọ yẹn ò ní kí wọ́n má tún ojúbọ ìlú wọn ṣe. Kí àwa tá à ń bú ara wa lórí ẹ̀rọ ayélujára lónìí fi ìyẹn sọ́kàn.

16/
Wàyí o, ọ̀rọ̀ dórí iṣẹ́ náà. Báwo ni wọ́n ṣe ń mọ ère tó ga ju ilé lọ? Wọ́n á kọ́kọ́ fi irin ṣe egungun ẹ̀. Wọ́n á wá fi amọ̀ pupa àti sìmẹ́ńtì bo egungun náà díẹ̀díẹ̀, lélẹ̀ lórí ara wọn, títí ẹran ara ẹ̀ á fi yọ. Kò sí ẹ̀rọ ńlá níbẹ̀. Irin, amọ̀, sìmẹ́ńtì, àkàbà, ọwọ́ èèyàn. Ohun tí bíríkìlà àdúgbò yín ní náà nìyẹn.

17/
Ẹ bá mi ro èyí: ère igi tó wà lójúbọ tẹ́lẹ̀, èèyàn kan ṣoṣo lè fi aṣọ wé e, kó gbé e há abíyá lóru, kó tó di òwúrọ̀ ó ti wọ mọ́tò lọ sí Èkó, ó di ọjà. Ère sìmẹ́ńtì tó ta gbòǹgbò sínú ilẹ̀, tó ga ju òrùlé lọ ńkọ́? Ta ló fẹ́ gbé e? Pẹ̀lú kí ni? Kò sí mùsíọ́ọ̀mù ìlú òkèèrè tó lè gbé e sínú gíláàsì. Ibi tí wọ́n mọ ọ́n sí ló máa dúró sí.

18/
Mo wá fẹ́ kẹ́ ẹ wo IBI tí wọ́n mọ wọ́n sí. Ibí ni mo ti lóye gbogbo ọ̀rọ̀ yìí. Àdùnní àtàwọn èèyàn ẹ̀ ò kàn wá ibi tó tẹ́jú, tó dáa fún fọ́tò. Ibi tí ewu bá wà ni ère ń lọ. Ibi tí apẹja ń gbà wọlé. Ibi tí àwọn tó fẹ́ fi ilẹ̀ kọ́lé ti ń sún mọ́ igbó. Ère á yọ níbẹ̀, ojú ẹ̀ ràkọ̀ràkọ̀, apá ẹ̀ nínà síwájú. Tó o bá fẹ́ gé igi, ojú òrìṣà lo máa gé e.

19/
Ṣé ẹ ti rí i báyìí? Èèwọ̀ tí ojú ò rí, tí ò lágbára mọ́, wọ́n sọ ọ́ di ohun tí ojú lè rí. Ẹni tí ò bẹ̀rù Ọ̀ṣun mọ́ á ṣì dúró díẹ̀ tó bá rí ère ẹlẹ́ẹ̀mẹ́fà èèyàn tó yọ sí i nínú ewé. Kódà tí kò bá bẹ̀rù, á mọ̀ pé ilẹ̀ yìí ní olówó, pé ẹnì kan wà tó ń tọ́jú ẹ̀, pé kì í ṣe ilẹ̀ tó kàn wà lásán. Iṣẹ́ tí pátákó "A KÒ TA ILẸ̀ YÌÍ" ń ṣe níwájú ilé yín, òun ni ère ń ṣe níbẹ̀. Àmọ́ ère dáa ju pátákó lọ, torí kò sẹ́ni tó máa ń júbà pátákó.

20/
Ohun kejì: wọn ò pa igbó láti fi gba ère láyè. Ìlànà tó wọ́pọ̀ ni pé kí wọ́n kọ́kọ́ ro gbogbo ilẹ̀ mọ́lẹ̀, kí wọ́n gbin kóríko tútù, kí wọ́n wá gbé ère sí àárín ẹ̀ bí àkàrà sórí àwo. Bí oríta ìlú ńlá ṣe máa ń rí nìyẹn. Ní igbó Ọ̀ṣun, igi ló ni ilẹ̀, ère ló wá bá a. Ewé ń bo èjìká ère. Kànnàkànnà kọ́lé sí i. Ọ̀bọ ń ti orí igi kan fò sí òmíì, bí ẹni pé ará ilé kan náà ni gbogbo wọn.

21/
Fún àpẹẹrẹ, ẹ wo Ìlédì Oǹtótó, ilé àwọn Ògbóni nínú igbó. Òrùlé mẹ́ta ló ní, wọ́n gbórí sókè bí alángbá ńlá tó fẹ́ ta kìjí. Kò sí ibi tó lọ gbọọrọ lára ẹ̀. Téèyàn bá dúró lókèèrè, kò ní tètè mọ̀ bóyá ilé ni, bóyá ẹranko ni, bóyá ilẹ̀ fúnra ẹ̀ ló gbé ara sókè. Àdùnní àti Àkànjí ló jọ ṣe é. Ẹ wo ọgbọ́n yẹn: obìnrin tó kàwé ọnà ní Vienna àti bíríkìlà Òṣogbo, iṣẹ́ kan náà, o ò sì ní rí ojú ránpẹ́ tó pín wọn níyà.

22/
Tàbí Ìyá Mọ̀ọ́pó. Òrìṣà iṣẹ́ ọwọ́ àwọn obìnrin ni: ìkòkò mímọ, aró rírẹ. Ère ẹ̀ nínú igbó ga débi pé èèyàn á gbójú sókè kó tó rí orí ẹ̀. Ẹ rántí ìkòkò aró tí igi fọ́ nígbà tí ìlú bẹ̀rẹ̀. Mi ò sọ pé torí ìyẹn ni wọ́n ṣe mọ ọ́n o. Mo kàn ń sọ pé nígbà tí mo rò ó pọ̀, ara mi bù máṣọ: ìlú tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìkòkò aláró tó fọ́, òun ló wá ní ère ìyá àwọn aláró tó ga bí igi.

23/
Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ ká tan ara wa. Ère nìkan kọ́ ló gba igbó sílẹ̀. Àwọn àwòrò tó ṣì ń bọ Ọ̀ṣun nígbà tí gbogbo èèyàn ń fi wọ́n ṣẹ̀sín, àwọn ni òpó. Àtáọ́ja náà wà ńbẹ̀: láyé Ọba Samuel Adénlé Kìn-ín-ní ni iṣẹ́ náà bẹ̀rẹ̀, ọba sì fọwọ́ sí i. Ààfin gba ẹ̀tọ́ àtilo ilẹ̀ igbó náà padà lọ́wọ́ àwọn tó ti ń lò ó. Ká ní ọba kọ̀ ni, ère mélòó ni wọn ì bá mọ kí katapílà tó dé?

24/
Lẹ́yìn náà ni ìwé òfin wá tẹ̀ lé e. Lọ́dún 1965, ìjọba kéde apá kan igbó náà gẹ́gẹ́ bí ohun ìrántí orílẹ̀-èdè. Lọ́dún 1992, wọ́n fẹ̀ ẹ́ dé hẹ́kítà 75. Fún ẹ̀yin tí ẹ ò mọ hẹ́kítà, ìyẹn tó nǹkan bíi pápá bọ́ọ̀lù 100. Ojúbọ 40 ló wà nínú ẹ̀, ká má tíì ka àwọn ààfin. Lọ́dún 2005, UNESCO kọ ọ́ mọ́ àwọn ibi àjogúnbá gbogbo àgbáyé. Sukur nìkan ló ṣáájú ẹ̀ ní Nàìjíríà, lọ́dún 1999.

25/
Ẹ tò ó bó ṣe ṣẹlẹ̀: ère ló kọ́kọ́ dé, òfin tẹ̀ lé e. Wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ kí ìwé tó dé. Ọ̀pọ̀ wa máa ń rò pé tí ìjọba bá fi ìwé dáàbò bo ibì kan, àlàáfíà ti dé bá a nìyẹn. Ní Òṣogbo, àwọn èèyàn fi ọwọ́ ara wọn sàmì sí ilẹ̀ kí ẹnikẹ́ni ní Èkó tàbí ní Paris tó fi bíròó sàmì sí i. Nígbà tí UNESCO sì máa kọ ọ́ sílẹ̀, iṣẹ́ àwọn ayàwòrán wọ̀nyí wà lára ìdí tí wọ́n fi gbà á. New Sacred Art ni wọ́n ń pe ẹgbẹ́ wọn.

26/
Ó dáa, ẹ jẹ́ ká padà sórí ìjà abẹ́ fọ́tò. "Òyìnbó ló ṣe é"? Rárá. Igbó ti wà, òrìṣà ti wà, àwòrò ti wà, ojúbọ ti wà, bíríkìlà ti wà. "Òyìnbó kankan ò ṣe nǹkan kan níbẹ̀"? Ìyẹn náà ò dáa. Ó lo ìdajì ọ̀rúndún ní Òṣogbo. Ẹni tó wá wo ibì kan fún ìgbà díẹ̀ kì í pẹ́ tó bẹ́ẹ̀. Ní Òṣogbo ló kú sí, lọ́jọ́ 12 oṣù kìíní ọdún 2009, lẹ́ni ọdún 93.

27/
Ìbéèrè tó yẹ ká máa bi ara wa ni pé: kí ló dé tó fi jẹ́ orúkọ ẹnì kan ni gbogbo ayé mọ̀? Tí ọwọ́ mẹ́wàá bá mọ ilé, tí ìwé ìròyìn bá dárúkọ ọwọ́ kan, ṣé ẹ̀bi ọwọ́ yẹn ni, àbí ẹ̀bi ẹni tó ń kọ ìwé ìròyìn? Èmi ò rò pé ká fi pípa orúkọ Àdùnní rẹ́ gbẹ̀san. Ẹ jẹ́ ká kọ orúkọ àwọn yòókù síbi tí tiẹ̀ wà. Ìgbà míì tẹ́ ẹ bá gbé fọ́tò síta, ẹ kọ "Àkànjí" sábẹ́ ẹ̀ náà. Ọ̀fẹ́ ni.

28/
Ẹjọ́ kan ṣì kù tí mi ò lè gbójú fò. Ojúbọ amọ̀ àtijọ́ kéré, ó rẹlẹ̀, ó máa ń wó, wọ́n á sì tún un mọ. Bó ṣe ń wó tí wọ́n ń tún un mọ yẹn, ìjọsìn ni òun náà. Èyí tó wá rọ́pò wọn ga, ó le, ó sì yí ojú igbó náà padà pátápátá. Ǹjẹ́ bí wọ́n ṣe gba igbó là náà ni wọ́n ṣe sọ ọ́ di nǹkan míì? Bẹ́ẹ̀ ni, mo rò bẹ́ẹ̀. Àmọ́ tí mo bá fi wé ilé epo tí ì bá dúró síbẹ̀, mo mọ èyí tí màá mú.

29/
Sìmẹ́ńtì náà kì í sì í ṣe ayérayé. Òjò ń là á, èéhù ń bò ó, igi ńlá ń wó lù ú, irin inú ẹ̀ ń dípẹtà. Ère tí ẹnikẹ́ni ò bá tọ́jú, igbó á gbà á padà. Ìdí nìyẹn tí àtúnṣe kì í fi í tán níbẹ̀, àfi kí àwọn tó mọ iṣẹ́ náà máa kọ́ àwọn ọmọ tó ń bọ̀. Ẹ wò ó, ọ̀rọ̀ tún padà sí bí ojúbọ amọ̀ àtijọ́ ṣe rí: ó ń wó, à ń tún un mọ. Bóyá ohun tó yí padà ò pọ̀ tó bí mo ṣe rò.

30/
Èyí tó ń dùn mí jù ni mo fi sẹ́yìn. Láti bí ọdún mélòó kan, omi odò Ọ̀ṣun ti yí àwọ̀. Ó ti pọ́n bí omi ẹrẹ̀. Ìwakùsà góòlù tó ń lọ lọ́wọ́ lápá òkè odò ni wọ́n ń tọ́ka sí. Omi tí àwọn èèyàn ń bù mu níbi ọdún, tí wọ́n ń gbé lọ sílé nínú kẹ́ẹ̀gì, ìjọba fúnra ẹ̀ ti kìlọ̀ pé kí wọ́n má mu ún mọ́.

31/
Ẹ wo bí ọ̀rọ̀ ṣe yí. Ọgbà wà níbi ilẹ̀. Ère dúró síbi tí agégi ń gbà, síbi tí apẹja ń gbà, síbi tí onílẹ̀ ayédèrú ń gbà. Ṣùgbọ́n odò kì í gba ẹnu géètì wọlé. Ibi tí ewu tuntun ti ń bọ̀ jìnnà sí igbó, ó jìnnà sí Òṣogbo pàápàá, ó ń ti àwọn ìlú tí ò sí ère kankan níbẹ̀ ṣàn bọ̀. Ère ò ní ẹsẹ̀. Kò lè rìn lọ sókè odò.

32/
Àwa la lẹ́sẹ̀. Nígbà tí èèwọ̀ ò lágbára mọ́, ìran kan wá ohun tí ojú lè rí láti fi rọ́pò ẹ̀: irin, amọ̀, sìmẹ́ńtì, àti ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọdún làálàá. Wọn ò dúró kí gbogbo èèyàn tún padà gba òrìṣà gbọ́ kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Iṣẹ́ tiwọn ni wọ́n ṣe yẹn. Kí ni tiwa máa jẹ́ fún odò? Mi ò ní ìdáhùn tó dùn gbọ́, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé fọ́tò nìkan kọ́.

33/
Tẹ́ ẹ bá tún débẹ̀, ẹ ya fọ́tò yín, mi ò bínú. Ṣùgbọ́n tẹ́ ẹ bá yà á tán, ẹ yíjú padà. Ẹ wo ibi tí ère kọjú sí. Ẹ bi ara yín léèrè ohun tó ń bọ̀ látibẹ̀ nígbà tí wọ́n mọ ọ́n. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ rìn dé etí omi, kẹ́ ẹ wo àwọ̀ ẹ̀.

Fi ránṣẹ́ sí ọ̀rẹ́ rẹ tó máa ń jà lábẹ́ fọ́tò.